Fíìmù Tí Mi Ò Fọ̀

Ẹ jẹ́ kí n yára sọ ọ́ kí ọkàn mi tó yí padà. Mo gbé fọ́tò ọmọ ọlọ́mọ fún ìyá kan, mo ní ọmọ rẹ̀ tó kú ló wà níbẹ̀. Ọdún méje gbáko ló fi ń kí fọ́tò yẹn láràárọ̀. Èmi tí mo mọ òótọ́, mo panu mọ́.

Bí ẹ bá fẹ́ bú mi, ẹ bú mi. Mo ti bú ara mi kọjá ibi tí èébú yín lè dé. Ṣùgbọ́n ẹ kọ́kọ́ kà á tán ná.

Iṣẹ́ fọ́tò ni mò ń ṣe. Ọ̀dọ̀ bàbá àgbàlagbà kan ni mo ti kọ́ ọ, Ọ̀gá ni gbogbo wa ń pè é. Èmi nìkan ni obìnrin láàárín àwọn tó ń kọ́ṣẹ́, àwọn ọkùnrin sì ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ pé kámẹ́rà máa fà mí lọ́rùn já. Mo kọ́ṣẹ́ tán kí ẹnì kankan nínú wọn tó kọ́ tirẹ̀ tán.

Ohun kan wà tí Ọ̀gá kì í gbà kí a bá òun jiyàn lé lórí. Fíìmù yòówù tó bá ti inú kámẹ́rà jáde gbọ́dọ̀ wọ omi kẹ́míkà. Ì báà bàjẹ́, ì báà jó, fọ̀ ọ́ ná kó o tó sọ pé kò sí nǹkan kan níbẹ̀. Mo mọ òfin yìí bí ẹní mowó.

Ẹ̀gbẹ́ ọsibítù àwọn abiyamọ ni mo ṣí ṣọ́ọ̀bù tèmi sí. Láàárọ̀, màá wọ inú wọ́ọ̀dù, màá ti bẹ́ẹ̀dì kan dé èkejì, màá máa ya àwọn ọmọ tuntun. Àǹtí Fọ́tò ni àwọn nọ́ọ̀sì ń pè mí. Fíìmù dúdú àti funfun la ṣì ń lò nígbà náà, èmi fúnra mi ni mo sì ń fọ̀ ọ́ nínú yàrá kékeré kan lẹ́yìn ṣọ́ọ̀bù, tí mo fi aṣọ dúdú bo fèrèsé rẹ̀.

Láàárọ̀ ọjọ́ tí mò ń sọ yìí, mo ki fíìmù tuntun sínú kámẹ́rà. Obìnrin tó wà ní bẹ́ẹ̀dì ẹnu ọ̀nà ló kọ́kọ́ pè mí. Aránṣọ ni, ó ju èmi lọ díẹ̀, ó ti ń sún mọ́ ogójì ọdún. Ọdún mọ́kànlá ló fi wá ọmọ kó tó rí eléyìí bí, ọmọbìnrin. Ó ní kí n jọ̀ọ́, kí n má tan iná kámẹ́rà sí i lójú. Mo ní kó fọkàn balẹ̀, ìmọ́lẹ̀ fèrèsé ti tó mi. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo yà á. Ọmọ náà ń sùn, ó di ẹ̀ṣẹ́ sí ẹ̀rẹ̀kẹ́ bí àgbàlagbà tó ń ronú, ìyá rẹ̀ sì ń fi ìka kan ṣoṣo pa á lórí.

Mo ya bí ọmọ mẹ́jọ mìíràn lẹ́yìn tirẹ̀, mo bá padà sí ṣọ́ọ̀bù.

Bàbá àwọn ọmọ mi ló wá bá mi níbẹ̀. A ti ń fa ọ̀rọ̀ kan bọ̀ láti ilé. Ó dúró sẹ́nu ọ̀nà, ó ní ọmọ ọlọ́mọ ni mò ń sá tẹ̀ lé kiri, tèmi wà nílé, ẹnikẹ́ni ò wẹ̀ fún wọn. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ̀ mí, ẹ mọ̀ pé èmi kì í gba irú ẹ̀ sára. Mò ń fún un lésì, ọwọ́ mi sì ń ṣiṣẹ́ lọ. Ó yẹ kí n ká fíìmù padà sínú ilé rẹ̀ tí ìmọ́lẹ̀ ò lè wọ̀ kí n tó ṣí ẹ̀yìn kámẹ́rà. Mi ò ká a. Mo kàn ṣí i gbayawu nínú oòrùn, pẹ̀lú ìbínú lẹ́nu.

Mo rí fíìmù tó ń dán. Mo pa kámẹ́rà dé wàrà, ṣùgbọ́n ẹ̀pa ò bóró mọ́.

Ẹni tí kò bá ṣe iṣẹ́ wa lè má mọ bí ìyẹn ṣe burú tó. Fíìmù tí ìmọ́lẹ̀ bá ti wọ̀ kí wọ́n tó fọ̀ ọ́, ó ti jó nìyẹn. Mo lé bàbá àwọn ọmọ jáde, mo ká fíìmù náà, mo sọ ọ́ sínú agolo bisikíìtì tí mò ń kó bátìrì tó ti kú sí. Mi ò fọ̀ ọ́. Inú ń bí mi sí fíìmù, inú ń bí mi sí ọkọ mi, inú sì ń bí mi sí ara mi. Mo ní kí ni mo tún ń fi kẹ́míkà ṣòfò sí? Mo máa padà lọ ya gbogbo wọn lọ́la, kò sẹ́ni tó máa mọ̀.

Lọ́jọ́ kejì, bẹ́ẹ̀dì ẹnu ọ̀nà ti ṣófo. Wọ́n ti tẹ́ aṣọ mímọ́ sí i. Nọ́ọ̀sì kan fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ní láti ìrọ̀lẹ́ ni ọmọ náà ò ti mí dáadáa mọ́, pé kílẹ̀ tó mọ́, ó ti lọ. Ọjọ́ mẹ́ta péré ló lò. Wọn ò tíì sọ ọ́ lórúkọ.

Mo ya àwọn ọmọ tó kù lọ́jọ́ náà.

Ọ̀sẹ̀ kan lẹ́yìn náà, aránṣọ wọ ṣọ́ọ̀bù mi, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin dì í lápá mú. Ó jókòó sórí àga tí àwọn oníbàárà ń jókòó sí, ó ń wo ẹ̀yìn ọwọ́ ara rẹ̀.

"Àbúrò mi," ló wí, "fọ́tò ọmọ mi ni mo wá gbà."

Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló ṣàlàyé ìyókù. Oògùn oorun ni wọ́n fún un lọ́jọ́ yẹn, kó tó jí, wọ́n ti sin ọmọ. Ọkọ rẹ̀ wà lẹ́nu iṣẹ́ níbi tó jìnnà, bẹ́ẹ̀dì òfìfo ló dé bá. Aránṣọ gbà á lẹ́nu rẹ̀, ó ní ojú ọmọ náà ti ń sá fún òun, pé bí òun bá di ojú òun ń rí ẹ̀rẹ̀kẹ́, òun ò rí imú, tí òun bá rí imú, ẹ̀rẹ̀kẹ́ á lọ. Ó ní tí òun bá ti rí fọ́tò, gbogbo rẹ̀ máa dúró sójú kan.

Ibẹ̀ ló yẹ kí n ti sọ ọ́. Mo la ẹnu láti sọ ọ́, àní mo là á. Ohun tó jáde ni: "Kò tíì jáde, ẹ̀gbọ́n mi. Ẹ padà wá lọ́jọ́ Ẹtì."

Ọjọ́ mẹ́rin ni mo ní. Lọ́jọ́ kìíní, mo dúró síwájú dígí, mò ń kọ́ bí mo ṣe máa sọ ọ́: ẹ̀gbọ́n mi, ẹ jọ̀ọ́, àṣìṣe ló ṣẹlẹ̀. Ó dùn létí. Lọ́jọ́ kejì, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin nìkan yà bá mi, ó ní láti ìgbà tí mo ti ní fọ́tò ń bọ̀ ni aránṣọ ti tún ń fẹnu kan oúnjẹ, kí n dákun má jẹ̀ẹ́ kó kọjá ọjọ́ Ẹtì. Gbogbo ọ̀rọ̀ tí mo ti há sórí sọnù.

Lọ́jọ́ kẹta, mo ṣí àpótí tí mò ń kó nẹ́gátíìfù, fíìmù tí mo ti fọ̀, sí. Mi ò sọ fún ara mi ohun tí mò ń wá. Mo kàn rí i: ọmọbìnrin kan tí mo ti yà ní bí ọ̀sẹ̀ méjì ṣáájú, ọmọ Ìyá Oníbúrẹ́dì tó wà ní òpópónà kejì. Fèrèsé kan náà, aṣọ funfun ọsibítù kan náà, ojú dídì kan náà. Mo ní, ṣebí ọmọ tuntun, gbogbo wọn ló jọra. Mo ní, ṣebí nǹkan tó máa wò kó fi lè jẹun ló ń wá. Ẹ ò rí i bí ẹnu ẹni ṣe ń dùn nígbà tí èèyàn bá ń bá ara rẹ̀ sọ̀rọ̀.

Lọ́jọ́ kẹrin, mo tẹ̀ ẹ́ sórí bébà. Nígbà tí ojú ọmọ náà ń jáde bọ̀ nínú omi, mo gbọ́ tí ẹnu mi ń sọ pé, "Pẹ̀lẹ́, pẹ̀lẹ́." Títí dòní, mi ò mọ èwo nínú ọmọ méjèèjì ni mò ń kí.

Ọjọ́ Ẹtì pé, àwọn méjèèjì dé. Aránṣọ fi ọwọ́ méjì gba fọ́tò náà. Ó wò ó, ó wò ó, ó yí i síbi tí ìmọ́lẹ̀ wà.

"Mo rò pé irun rẹ̀ pọ̀ ju báyìí lọ," ló wí.

Mo ní ìmọ́lẹ̀ fèrèsé ló ṣe é, ẹ̀gbọ́n mi, ó máa ń jẹ irun nínú fọ́tò.

"Mo fọwọ́ pa á," ló wí. "Ó kún."

Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ rọra gbá a lẹ́yìn. Ó ní ojú tó ti sunkún fún ọ̀sẹ̀ kan àti kámẹ́rà, èwo la fẹ́ gbà gbọ́? Ó yíjú sí mi kí n bá òun sọ ọ́. Mo ní kámẹ́rà ni.

Ẹ̀yin òǹkàwé, mo rí i nígbà tí aránṣọ gbà. Ìka rẹ̀ tó ti ń lọ tó ń bọ̀ lórí fọ́tò náà dúró, ó sì rọra ká ọwọ́ kúrò. Níwájú mi níbẹ̀ ló ti yọ irun kúrò lórí ọmọ rẹ̀ nítorí pé mo ní kó yọ ọ́. Lẹ́yìn náà ló sunkún, ó dúpẹ́, ó sì ṣàdúrà fún mi pé ojú mi ò ní rí ibi.

Mo rò pé ó parí síbẹ̀. Kò parí rárá. Oṣù kan kọjá, aṣọ dé. Aránṣọ ló rán an fún mi, ó kọ̀ láti gba nǹkan kan. Ó ní yàtọ̀ sí àwọn nọ́ọ̀sì, èmi nìkan ni mo rí ọmọ òun láàyè, pé èmi àti òun ti di ẹbí. Nígbà tó yá, kì í jẹ́ kí oṣù kan kọjá kó má pè mí wá wọn aṣọ. Ó ti fi férémù sí fọ́tò náà, ó gbé e kọ́ sókè ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀. Tó bá ń ránṣọ, ara ògiri á máa gbọ̀n, fọ́tò náà á máa mì díẹ̀díẹ̀ títí a ó fi sọ̀rọ̀ tán.

Ó máa ń sọ pé, "Ìwọ lo rí i, àbúrò mi. Tún sọ fún mi bó ṣe rí."

Màá sì sọ. Níbẹ̀rẹ̀, ọ̀rọ̀ méjì mẹ́ta ni. Nígbà tó yá, ẹnu mi yọ̀. Mo ní ó rẹ́rìn-ín lójú oorun. Mo ní ó di ìka mi mú. Lọ́jọ́ kan, mo gbọ́ tó ń sọ fún oníbàárà rẹ̀ pé ọmọ òun di ìka Àǹtí Fọ́tò mú tí kò fẹ́ fi í sílẹ̀. Ó ń sọ ọ́ bí ohun tó ṣojú rẹ̀. Mo dìde, mo ní mo gbàgbé ìkòkò sórí iná, mo sá jáde.

Àtìgbà yẹn ni ẹ̀rù yàrá dúdú ti ń bà mí. Ọmọ yòówù tí mo bá tẹ̀ sórí bébà, nígbà tí ojú rẹ̀ bá ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yọ nínú omi, tí kò tíì hàn dáadáa, ọmọ bẹ́ẹ̀dì ẹnu ọ̀nà ni mò ń rí. Ó di ẹ̀ṣẹ́ sí ẹ̀rẹ̀kẹ́, ó ń ronú. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀, á di ọmọ ẹlòmíì. Mi ò lè ṣàlàyé fún ẹnikẹ́ni. Nígbà tí kámẹ́rà tí kì í lo fíìmù dé, èmi ni mo kọ́kọ́ rà á ládùúgbò. Àwọn èèyàn ní ojú mi là, mo gbọ́n ju àwọn ọkùnrin lọ. Wọn ò mọ̀ pé omi ni mò ń sá fún. Mo kó àga tó ti kán sínú yàrá dúdú, mo tì í pa.

Agolo bisikíìtì yẹn, mi ò lè jù ú nù. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo gbé e dé ibi tí wọ́n ń da ilẹ̀ sí, ẹ̀ẹ̀mejì náà ni mo tún gbé e bọ̀ wálé.

Ọmọ Ìyá Oníbúrẹ́dì sì ń dàgbà. Ó ti wọ iléèwé, iwájú ṣọ́ọ̀bù mi ló ń gbà kọjá. Ọmọ tó mọ̀ ọ́n kí ni. "Ẹ káàárọ̀, Àǹtí Fọ́tò." Bó bá kí mi báyìí, màá máa wá nǹkan lábẹ́ tábìlì títí tó máa fi kọjá.

Ohun tó tú u síta ò ju yunifọ́ọ̀mù lọ. Iléèwé fẹ́ wọlé, ẹni tó ń ránṣọ fún Ìyá Oníbúrẹ́dì sì ti kó lọ. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ó mú ọmọ rẹ̀ lọ́wọ́, ó wọ ilé aránṣọ. Èmi náà wà níbẹ̀, mo dúró láàárín ilé nínú aṣọ tí wọn ò tíì rán tán, píìnì kún èjìká mi, píìnì wà lẹ́nu aránṣọ.

Ìyá Oníbúrẹ́dì kí wa, ó gbójú sókè, ó bá bú sẹ́rìn-ín.

"Ẹ̀yin ará ibí yìí, ta ló gbé fọ́tò ọmọ mi kọ́ síbí?"

Ọmọ náà ní, "Èmi nìyẹn, màámi. Irú ẹ̀ ló wà ní pálọ̀ wa."

Aránṣọ yọ píìnì lẹ́nu, ó ń gún wọn sára ìrọ̀rí lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó rọra ní, "Rárá o. Ọmọ tèmi nìyẹn."

Ẹ̀rín kúrò lẹ́nu Ìyá Oníbúrẹ́dì. Ó ní kí wọ́n má bínú, ṣùgbọ́n kí wọ́n wo etí òsì ọmọ inú fọ́tò yẹn, bó ṣe ká lókè, bẹ́ẹ̀ náà ni wọ́n ṣe bí ọmọ òun. Ó ní Àǹtí Fọ́tò ṣáà nìyí, òun ló yà á, kí wọ́n bi í.

Aránṣọ ò bi mí. Ó pe ọmọ náà mọ́ra, ó fi ọwọ́ tó fi ń wọn aṣọ gbá irun rẹ̀ sẹ́yìn, ó wo etí rẹ̀. Ó wo fọ́tò. Ó tún wo etí. Nígbà tó wá kọjú sí mi, kò pè mí ní àbúrò mọ́.

"Ẹ̀yin," ló wí, "ta ni mò ń kí láràárọ̀?"

Mo sọ ọ́. Orí ìdúró ni mo ti sọ gbogbo rẹ̀, mi ò lè jókòó nítorí píìnì. Ojú tì mí débi pé ohùn mi dà bíi ti ẹlòmíì. Kí n tó sọ ọ́ dé ìdajì, Ìyá Oníbúrẹ́dì ti fa ọmọ rẹ̀ mọ́ra, ó ń fọwọ́ nu ojú rẹ̀ bí ẹni pé nǹkan kan wà níbẹ̀. Ó ní ọdún méje ni wọ́n ti fi ń ṣọ̀fọ̀ ọmọ òun tó wà láàyè. Ó gbé e pọ̀n, ọmọ ọdún méje, ó bá tirẹ̀ lọ.

Mò ń retí kí aránṣọ gbá mi létí. Ọlọ́run mọ̀ pé mo fẹ́ kó gbá mi. Ohun tó bi mí ni, "Fíìmù yẹn ńkọ́?"

Mo ní ó ti jó.

"Mo ní níbo ló wà?"

"Ó wà nínú agolo kan lọ́dọ̀ mi."

"Ẹ fọ̀ ọ́, ẹ rí i pé ó jó?"

Ó gbé gèlè rẹ̀, ó ní ká lọ.

Ọ̀dọ̀ Ọ̀gá la kọ́kọ́ yà, nítorí òun nìkan ló ṣì ní kẹ́míkà nílé. Ó ti darúgbó, ojú rẹ̀ kan ò ríran mọ́. Mo kúnlẹ̀, mo rò ó fún un. Kò bú mi. Ó ní nínú fíìmù tó ṣí sóòrùn, èyí tí wọ́n kọ́kọ́ yà ló máa ń wà nínú pátápátá, àwọn tó wá lẹ́yìn á ká lé e lórí, wọ́n á bò ó. Ó ní ìmọ́lẹ̀ lè jó gbogbo tòkè kó má dé ìsàlẹ̀.

"Èwo lo kọ́kọ́ yà?" ló bi mí.

Mo ní ti aránṣọ ni.

Ọ̀gá mirí. Ó ní, "O ò fọ̀ ọ́," ó sì na ìgò kẹ́míkà sí mi.

Èmi àti aránṣọ kó àwọn àga jáde, a wọ yàrá dúdú. Mo ní kó dúró níta, ó wọlé. Nínú òkùnkùn biribiri yẹn, mò ń fọwọ́ wá fíìmù, mò ń gbọ́ bó ṣe ń mí lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Píìnì ṣì wà ní èjìká mi, ó ń gún mi, mi ò yọ ọ́.

Nígbà tí mo gbé fíìmù sójú ìmọ́lẹ̀, ó dúdú kirikiri láti òkè wá. Àfi nísàlẹ̀ pátápátá, fọ́tò méjì. Ẹ̀yin èèyàn mi, ọdún méje ni wọ́n ti wà níbẹ̀, láàárín bátìrì.

A dúró kó gbẹ. Mo tan iná pupa, mo tẹ ọ̀kan sórí bébà, mo tì í bọ omi. Ẹ̀ṣẹ́ ló kọ́kọ́ jáde. Ẹ̀rẹ̀kẹ́ tẹ̀ lé e. Imú jáde, ẹ̀rẹ̀kẹ́ ò sì lọ. Ìka ìyá rẹ̀ jáde lókè, kò hàn, nítorí pé inú irun ló rì sí. Irun dúdú, ó kún bámúbámú, ó wá dé iwájú orí.

Aránṣọ bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀. Kò fọwọ́ kàn án. Kò pariwo.

"Mo sọ fún yín," ló wí. "Mo sọ fún yín pé irun rẹ̀ pọ̀."

Ó gbé fọ́tò náà bó ṣe tutù, ó lọ. Mi ò tíì rí i láti ìgbà náà. Lọ́jọ́ kejì, ọkọ rẹ̀ wá gba èkejì àti fíìmù, ó gbé fọ́tò ọmọ Ìyá Oníbúrẹ́dì lé mi lórí tábìlì pẹ̀lú férémù rẹ̀, kò kí mi.

Mo gbé e lọ fún Ìyá Oníbúrẹ́dì, ó tìlẹ̀kùn mọ́ mi. Ó ní òun ò fẹ́ ohun tí wọ́n ti sunkún sí lára. Mi ò lè fà á ya, ọmọ náà wà láàyè. Mi ò lè gbé e kọ́ fún àwọn oníbàárà. Mo gbé e sínú yàrá dúdú, sórí pẹpẹ tí agolo wà tẹ́lẹ̀.

Bí ẹnì kan bá ń retí òótọ́ lẹ́nu yín, tí ẹnu yín sì ti là, ẹ jọ̀ọ́, ẹ sọ ọ́ kí ẹnu tó pa dé. Tèmi nìyí: láràárọ̀, kí n tó ṣí ṣọ́ọ̀bù, mo máa ń wọlé lọ bá a. Èmi ni mò ń kí i báyìí.